Egungun àti Ẹran: Ríìmù àti Táyà Tó Yẹ Jíìpù Wa

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ṣì wà nílé, tẹ́ ẹ ń dúró kí omi tíì hó, ẹ kú ilé. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti kúrò ní Abúlé-Àdó láti fẹ̀ẹ̀rẹ̀, tẹ́ ẹ sì há sáàárín tírélà méjì ní Mile 2 báyìí, ẹ kú ìfaradà. Ẹ̀yin gan-an ni mo ní lọ́kàn lónìí, nítorí pé ohun tí a fẹ́ sọ ń bẹ lábẹ́ yín bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ yìí: ríìmù mẹ́rin àti táyà mẹ́rin.

Ní ọjọ́ Sátidé kan, mo wà lọ́dọ̀ fọ́kánáísà kan ní Festac, mo ń dúró kó bá mi lẹ táyà. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan wa Venza dé. Ọkọ̀ náà mọ́ tónítóní, ríìmù rẹ̀ sì ń dán gbinrin. Íǹṣì 22 ni. Táyà tó wé mọ́ ọn tín-ín-rín bí ọ̀já. Bàbá fọ́kánáísà bẹ̀rẹ̀, ó fi àtẹ́lẹwọ́ ra ẹ̀gbẹ́ táyà iwájú, ó sì dúró síbì kan. Kókó kan ti yọ níbẹ̀, ó tó ẹyin adìẹ.

Ọ̀dọ́mọkùnrin náà ní, "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi lẹ̀ ẹ́ kíá, òde ni mò ń lọ."

Bàbá rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ọ̀gá mi, ihò là ń lẹ̀, a kì í lẹ kókó. Egungun ni ríìmù, ẹran ni táyà. Egungun ni ẹ rà, ẹ ò rántí ra ẹran mọ́ ọn."

Ọ̀rọ̀ yẹn kò kúrò lọ́kàn mi láti ọjọ́ náà. Òun ni mo fẹ́ tú palẹ̀ fún yín láàárọ̀ yìí.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti orí orúkọ. Ní Èkó, ọkọ̀ yòówù tó bá ga díẹ̀, jíìpù la máa ń pè é. RAV4, jíìpù. CR-V, jíìpù. Lexus RX, jíìpù ni. Kò sí ẹ̀ṣẹ̀ nínú orúkọ, àmọ́ orúkọ yẹn máa ń tàn wá jẹ tó bá di ọ̀rọ̀ táyà. Jíìpù gidi, irú Land Cruiser ńlá, ní irin gbọọrọ tó nípọn lábẹ́, kí wọ́n tó gbé ara ọkọ̀ lé e lórí. Àwọn tí mo dárúkọ ṣáájú kò rí bẹ́ẹ̀. Ara àti ìdí wọn jẹ́ ọ̀kan, bí ọkọ̀ kékeré ṣe rí. Nígbà tí RAV4 jáde ní 1994, tí CR-V tẹ̀ lé e ní 1995, tí Lexus RX sì dé ní 1998, ohun tí wọ́n fẹ́ ta fáwọn èèyàn ni ọkọ̀ tó ga bíi jíìpù, tó sì rọ̀ lójú ọ̀nà bí ọkọ̀ kékeré. Àbúrò Camry ni Highlander àti Venza, orí ìdí kan náà ni wọ́n ti kọ́ wọn. Àwọn tó mọ̀ ọ́n ṣe ń pe irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ ní crossover. Gíga rẹ̀ kò sọ ọ́ di akọni inú kòtò. Ẹni tó bá fi ojú Land Cruiser wo RAV4 tó ń kó sí kòtò, táyà ni yóò kọ́kọ́ san gbèsè náà.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ mú bírò àti ìwé. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń wakọ̀, ẹ má kọ nǹkan kan, etí nìkan ni kẹ́ ẹ yá mi.

Bí ẹ bá wo ẹ̀gbẹ́ táyà RAV4 tàbí CR-V tó ti pé bí ọdún mẹ́wàá tí wọ́n ti ṣe é, ẹ ó sábà rí i tí wọ́n kọ ọ́ báyìí: 225/65R17. Nọ́ńbà àkọ́kọ́, 225, ni ìbú táyà, wọ́n fi mìlímítà wọ̀n ọ́n. Nọ́ńbà kejì, 65, ni ẹran rẹ̀: gíga ẹ̀gbẹ́ táyà jẹ́ ìdá 65 nínú 100 ìbú yẹn. Lẹ́tà R ń sọ bí wọ́n ṣe to okùn inú táyà, irú èyí tí gbogbo ọkọ̀ kékeré ń lò lóde òní. Nọ́ńbà ìkẹyìn, 17, ni egungun, ìyẹn íǹṣì ríìmù tí táyà náà bá mu.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Ìdá 65 nínú 100 lórí 225 jẹ́ mìlímítà 146. Ẹran tó wà láàárín ríìmù RAV4 àti ọ̀dà fẹ́rẹ̀ẹ́ tó sẹ̀ǹtímítà 15. Ẹ wá wo Venza tó ń lo íǹṣì 20, tí táyà rẹ̀ jẹ́ 245/50R20. Ẹran rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 122. Ọ̀dọ́mọkùnrin tiwa tó wọ íǹṣì 22, táyà rẹ̀ jẹ́ 265/35R22. Mìlímítà 93 péré ló kù. Ẹ rí i pé gíga táyà lápapọ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ yí padà. Bí egungun bá ti ń ga, ẹran ló ń fò lọ.

Kí ni ẹran yẹn wúlò fún? Bí táyà bá bọ́ sínú kòtò, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ló ń tẹ̀ kí ìjàǹbá náà má bàa dé ríìmù. Bí ẹran náà kò bá tó, etí kòtò àti etí ríìmù yóò pàdé, wọn yóò sì fún táyà mọ́ àárín bí ìgbà tí ìlẹ̀kùn bá há èèyàn lọ́wọ́. Okùn inú ẹ̀gbẹ́ táyà á já. Rọ́bà òde lè má ya rárá, ṣùgbọ́n afẹ́fẹ́ ti rí ibi tí kò lágbára mọ́, á sì máa tì í síta. Ohun tí kókó yẹn jẹ́ nìyẹn. Okùn tó já nínú kò ṣe é lẹ̀. Bó bá ṣe pé lónìí ni kò bẹ́, ọjọ́ tẹ́ ẹ bá ń sáré lójú ọ̀nà Badagry ni yóò bẹ́.

Gbogbo wa la mọ irú ọ̀nà tí à ń rìn. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń gba àwọn Avenue inú Festac lásìkò òjò mọ̀ pé omi máa ń bo kòtò títí a kò fi ní mọ̀ bóyá jíjìn ni tàbí kíkún lásán. Ọ̀nà márosẹ̀ Èkó sí Badagry, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ̀ ní 2009, kọ́ wa ní ìwà sùúrù. Ọ̀nà Apápá, tí tírélà akẹ́rù ń jẹ lójoojúmọ́, kọ́ wa ju bẹ́ẹ̀ lọ. Nítorí náà, ẹran ni kí ará Amúwo-Ọ̀dọ̀fin máa rà. Bí ọkọ̀ yín bá láǹfààní íǹṣì 17 tàbí 18, ẹ mú 17. Bó bá láǹfààní 19 tàbí 20, ẹ mú 19. Iléeṣẹ́ Toyota fúnra rẹ̀ ta Venza kan pẹ̀lú 245/55R19, ó sì ta òmíràn pẹ̀lú 245/50R20. Bí ẹ bá wọn gíga àwọn méjèèjì láti ilẹ̀ dé òkè, mìlímítà kan ni wọ́n fi yàtọ̀ síra. Àmọ́ ẹni tó bá mú 19 ti fi mìlímítà 12 kún ẹran rẹ̀. Kẹ́ ẹ tó sanwó, ẹ jẹ́ kí mẹkáníìkì gbé ríìmù kékeré náà wọ̀ ọ́ wò, kó yí i, kó má fara kan búréèkì.

Ibo lẹ ti máa mọ íǹṣì tí ọkọ̀ yín láǹfààní rẹ̀? Ẹ ṣí ìlẹ̀kùn awakọ̀. Ìwé kékeré kan wà tí wọ́n lẹ̀ mọ́ òpó ìlẹ̀kùn. Ìwọ̀n táyà àti ìwọ̀n afẹ́fẹ́ wà lórí rẹ̀. Ẹ ya fọ́tò rẹ̀ sórí fóònù, kẹ́ ẹ máa gbé e kiri. Bí ẹ bá yàn láti kúrò lórí ohun tó wà níbẹ̀, ẹ má jẹ́ kí gíga táyà tuntun fi ju ìdá mẹ́ta nínú ọgọ́rùn-ún yàtọ̀ sí ti àtijọ́. Bó bá ga jù, géèjì eré tó wà níwájú yín á máa parọ́: yóò sọ 100 nígbà tẹ́ ẹ bá ti ń sá 105.

Ẹ jẹ́ ká dé ọjà Ladípọ̀ báyìí, tàbí ọjà ASPAMDA tó wà ní Trade Fair nítòsí wa níbí. Ẹ rí ríìmù tòkunbọ̀ tó wù yín. Ẹni tó ń tà á á ní, "Ihò márùn-ún ni, ihò márùn-ún ni tiyín náà, ó máa wọ̀ ọ́." Òtítọ́ ni, ṣùgbọ́n kò tíì pé. RAV4, Lexus RX àti CR-V tó jáde láti 2007 jọ ní ihò márùn-ún, òbìrípo tí wọ́n to ihò náà sí sì fẹ̀ ní mìlímítà 114.3. Àmọ́ ẹ wo ihò ńlá àárín ríìmù, ibi tí orí ìdí táyà ti ń yọ. Ti Toyota jẹ́ mìlímítà 60.1, ti Honda jẹ́ 64.1. Ríìmù Toyota kò lè wọ Honda nítorí pé ihò rẹ̀ kéré. Ríìmù Honda á wọ Toyota, ṣùgbọ́n àlàfo mìlímítà 4 á kù níbẹ̀. Bí wọn kò bá fi òrùka kékeré dí i, kì í rọrùn kí ríìmù náà jókòó sí àárín gan-an, ìdarí ọkọ̀ á sì máa gbọ̀n lọ́wọ́ yín bí ẹ bá ti sá dé 90. Ẹ ó lọ ṣe bálánsìn lẹ́ẹ̀kínní, ẹ ó ṣe lẹ́ẹ̀kejì, gbígbọ̀n náà kò ní lọ.

Nọ́ọ̀tì náà ń kọ́? Ti Honda rí róbótó lábẹ́ bíi bọ́ọ̀lù, ọ̀pọ̀ ríìmù ìta sì ń fẹ́ èyí tó rí ṣóńṣó. Nọ́ọ̀tì róbótó nínú ihò ṣóńṣó á le lójú, kò sì ní jókòó dáadáa. Ẹ jẹ́ kí nọ́ọ̀tì bá ríìmù mu, kì í ṣe kó bá ọkọ̀ nìkan mu. Bí wọ́n bá ń dè é, kí wọ́n fò láti ọ̀kan sí èyí tó kọjú sí i, kí wọ́n má ṣe to lọ yíká. Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́: ẹni tó bá fi ẹsẹ̀ gun sípánà kí nọ́ọ̀tì lè le lè já bóòtù. Tó bá di ọjọ́ kejì, lẹ́yìn tẹ́ ẹ ti wà á díẹ̀, ẹ padà lọ fi sípánà kàn án lẹ́ẹ̀kan sí i.

Ó kan táyà fúnra rẹ̀. Ẹ̀yìn ìwọ̀n ni ẹ ó ti rí nǹkan bíi 102H. 102 ń sọ ẹrù tí táyà kan lè rù, ìyẹn kílò 850. H ń sọ eré tí kò gbọ́dọ̀ kọjá, kìlómítà 210 ní wákàtí kan. Kò sẹ́ni tó fẹ́ sá 210 ní Agboju, mo mọ̀. Ẹrù ló ṣe pàtàkì. Bí ẹ bá rí táyà tó wọ ríìmù yín, tí owó rẹ̀ sì kéré, àmọ́ tí nọ́ńbà ẹrù rẹ̀ kéré sí ti òpó ìlẹ̀kùn, ẹ fi í sílẹ̀. Bí èèyàn méje bá wọ Highlander lọ sí òde ìgbéyàwó ní Ìjẹ̀bú, tí kúlà kún ẹ̀yìn, ẹ ó mọ ohun tí kílò ń ṣe.

Àwọn kan máa ń rò pé nítorí kòtò, táyà olójú gbàgìgbàgì ló dára jù, irú èyí tí wọ́n ń lò nínú ẹrẹ̀ oko. Lóòótọ́, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ sábà máa ń nípọn. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá ń lò ó lórí ọ̀dà lójoojúmọ́, ariwo rẹ̀ á gba inú ọkọ̀, epo á pọ̀ sí i, bí òjò bá sì ti rọ̀ sórí ọ̀dà, ọ̀pọ̀ nínú wọn máa ń pẹ́ kí wọ́n tó dúró bí ẹ bá tẹ búréèkì. Ẹni tí ilé rẹ̀ wà lópin ọ̀nà ẹlẹ́rẹ̀ nìkan ni kó gbà á rò. Táyà lásán tí wọ́n ṣe fún ọ̀dà, tí ilà ojú rẹ̀ jìn tó sì gbòòrò, ló bá ọ̀pọ̀lọpọ̀ wa mu. Ilà yẹn ló ń fún omi ní ọ̀nà. Bí ojú táyà bá pá, omi á gbé ọkọ̀ sókè bí ọkọ̀ ojú omi, ìdarí á sì di ìmúlẹ̀mófo lọ́wọ́ yín. Bí ilà bá ku mìlímítà 1.6, ó ti parí. Àwọn bíńtín tó yọ sókè láàárín ilà wà níbẹ̀ láti fi hàn yín: bí ojú táyà bá ti bá wọn dọ́gba, ẹ lọ ra òmíràn.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ra tòkunbọ̀ tó ti Kánádà wá, ẹ wo ẹ̀gbẹ́ táyà rẹ̀. Bí ẹ bá rí àwòrán òkè mẹ́ta tí yìnyín kan wà nínú rẹ̀, táyà ìgbà òtútù ló sábà máa ń jẹ́. Wọ́n fi rọ́bà rírọ̀ ṣe é, kó lè di ojú ọ̀nà mú nígbà tí òtútù bá lọ sí ìsàlẹ̀ 7 lórí Celsius. Ìgbà wo ni ojú ọjọ́ Èkó dé 7? Nínú oòrùn tiwa, rọ́bà náà á rọ̀ bí àkàṣù tó pẹ́ lórí iná, á sì jẹ tán kíá. Owó ọkọ̀ ni ẹ san. Ẹ fi owó táyà sí i lọ́kàn.

Ọ̀rọ̀ ọjọ́ orí táyà náà wà. Ẹ wá lẹ́tà DOT lára ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, kẹ́ ẹ ka nọ́ńbà mẹ́rin tó gbẹ̀yìn. Bó bá jẹ́ 2319, ọ̀sẹ̀ kẹtàlélógún ọdún 2019 ni wọ́n ṣe é. Bó bá jẹ́ nọ́ńbà mẹ́ta péré, ẹ sá fún un, ó ti wà kí ọdún 2000 tó dé. Àwọn iléeṣẹ́ òkèèrè bíi Michelin ń fún táyà ní ọdún mẹ́wàá ó pẹ́ tán, pẹ̀lú àyẹ̀wò lọ́dọọdún lẹ́yìn ọdún karùn-ún. Àjọ SON, tó ń rí sí ìdíwọ̀n ọjà nílẹ̀ wa, sọ pé ọdún mẹ́rin ni. Ẹ má rò pé wọ́n le jù. Oòrùn ló ń gbó rọ́bà, táyà mélòó la sì ti rí tí wọ́n tò sẹ́gbẹ̀ẹ́ títì láti àárọ̀ di alẹ́ kó tó rí ẹni rà á! Ní ti táyà tòkunbọ̀, òfin ilẹ̀ wa kò fàyè gba kíkó o wọlé fún ọkọ̀ kékeré, síbẹ̀ a ń rí i lọ́jà. Ẹni tó rà á kò mọ kòtò tó ti kó sí, kò sì mọ ẹni tó wà á.

Ìgbà kan wà tí a ń ṣe táyà nílé. Michelin ní ilé iṣẹ́ ní Port Harcourt, ó ti í ní 2007. Dunlop ń ṣe tirẹ̀ ní Ìkẹjà, ó dáwọ́ dúró ní 2008. Láti ìgbà yẹn, ọ̀pọ̀ jù nínú táyà tí à ń rà ló ń ti òkun wọlé, tó sì ti lo oṣù díẹ̀ nínú kọ̀ǹténà àti nínú ilé ìkẹ́rùsí kó tó kan oníbàárà. Ìdí nìyẹn tí "táyà tuntun ni" kò fi tó. Ẹ ka nọ́ńbà.

Ẹ jẹ́ kí n fi ìtàn kan bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ afẹ́fẹ́ táyà. Ní oṣù Kẹjọ ọdún 2000, iléeṣẹ́ Firestone ní Amẹ́ríkà kó táyà tó tó mílíọ̀nù mẹ́fà àbọ̀ padà. Ojú táyà wọ̀nyẹn máa ń bó kúrò lára rẹ̀ lórí eré, orí jíìpù Ford Explorer ni ọ̀pọ̀ wọn sì wà. Ọkọ̀ náà á takìtì. Èèyàn tó lé ní igba ló bá a lọ. Lára ohun tí wọ́n jiyàn lé lórí ni afẹ́fẹ́ tí kò tó: bí afẹ́fẹ́ bá kéré, ẹ̀gbẹ́ táyà á máa tẹ̀, á máa gbóná, ooru á sì tú ohun tí wọ́n lẹ̀ pọ̀. Àwọn aṣòfin wọn ṣe òfin lọ́dún yẹn gan-an, òfin náà ló sì mú kó di dandan, láti 2007, pé kí ọkọ̀ kékeré tuntun ní iná kan tó ń tàn nígbà tí afẹ́fẹ́ bá fi ìdá kan nínú mẹ́rin lọ sílẹ̀. Ẹ mọ iná náà. Ó rí bíi pátákò ẹṣin, àmì ìyanu sì wà láàárín rẹ̀. Ó ń tàn nínú tòkunbọ̀ ọ̀pọ̀ yín láti ọjọ́ tẹ́ ẹ ti rà á, ẹ sì ti bá a gbé bí aládùúgbò. Ẹ jẹ́ kí wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò. Bí ẹ bá ń yọ táyà, ẹ sọ fún fọ́kánáísà kó ṣọ́ra fún ohun kékeré tó wà ní ìdí ẹnu afẹ́fẹ́. Òun ló ń rán iná náà níṣẹ́, irin tí wọ́n fi ń wú táyà sì máa ń fọ́ ọ.

Àárọ̀, kí ọkọ̀ tó rìn jìnnà, ni kẹ́ ẹ ti géèjì táyà, kẹ́ ẹ sì fi ti òpó ìlẹ̀kùn ṣe é, bíi psi 32 tàbí 33 fún ọ̀pọ̀ nínú àwọn jíìpù wọ̀nyí. Nọ́ńbà ńlá tó wà lára táyà ni òpin ohun tó lè gbà, kì í ṣe ohun tó yẹ kẹ́ ẹ fún un. Ẹ má gbàgbé sípéà táyà tó wà lẹ́yìn.

Bí owó bá tó táyà méjì péré ń kọ́? Iwájú ni ọ̀pọ̀ wa ń gbé e sí. Ẹ gbé e sẹ́yìn. Bí iwájú bá yọ̀ nínú òjò, ẹ lè dín eré kù, ọkọ̀ á sì dúró síbi tó kọjú sí. Bí ẹ̀yìn bá yọ̀, ọkọ̀ á yí padà kẹ́ ẹ tó mọ̀. Bí ọkọ̀ yín bá sì ń fi táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin fà, ẹ jẹ́ kí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin bá ara wọn dọ́gba, kí gíga wọn má bàa máa bá ẹ̀rọ ìdí ọkọ̀ jà.

Ẹ ń rò ó pé kí ló ṣẹlẹ̀ sí ọ̀dọ́mọkùnrin oní-Venza yẹn. Kò lọ sí òde náà. Ó jókòó sórí táyà àtijọ́ kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, inú ń bí i. Mo sọ fún un pé, "Àbúrò, bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Ríìmù lè wù ọ́, ṣùgbọ́n wo ọ̀nà ilé rẹ." Ó dákẹ́. Lẹ́yìn oṣù kan, mo tún bá ọkọ̀ náà pàdé níbẹ̀. Íǹṣì 19 ló wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Bàbá tún bẹ̀rẹ̀, ó fi àtẹ́lẹwọ́ ra ẹ̀gbẹ́ táyà láti òkè dé ilẹ̀. Ó gbé ojú sókè, ó ní, "Ẹ̀hẹn. Ẹran ti wà lára ẹ̀."

Bí ẹ bá ti délé lónìí, kẹ́ ẹ tó wọlé, ẹ fi àtẹ́lẹwọ́ ra táyà tiyín náà bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ ka nọ́ńbà mẹ́rin. Kò gbà ju ìṣẹ́jú márùn-ún lọ.